Ọmọ Ayò Tí A Fi Sílẹ̀ Nínú Fídíò

Agogo mẹ́ta ààbọ̀ ọ̀sán ni, ní ọjọ́ Àìkú kan nígbà ọyẹ́. Àwa mẹ́ta la wà nínú yàrá náà: èmi, Làmídì ọ̀rẹ́ mi tó ń hun òfì, àti Táófíkì, àbúrò olóògbé ìyàwó mi. Bí ẹ bá gbọ́ níbikíbi ní Ìsẹ́yìn pé a pé mẹ́rin, ẹ bi onítọ̀hún pé ta ni ẹni kẹrin. Èmi gan-an ń bi ara mi.

N kì í ṣe ẹni tí ọ̀rọ̀ máa ń pọ̀ lẹ́nu rẹ̀. Mo ti di géńdé kí n tó jókòó nílé ìwé, nítorí náà ohun tí mo bá kọ, mo ti rò ó dáadáa. Ẹ gbà mí gbọ́, ojú mi ló rí i, oòrùn sì wà lókè.

Táófíkì ló ti London dé pẹ̀lú kọ̀ǹpútà kékeré kan, irú èyí tí wọ́n ń lò nínú ilé. Ó dà bí táìpuraítà tí kò ní ibi tí bébà ń gbà wọlé. Bó bá so ó mọ́ tẹlifíṣọ̀n, ohun tó bá tẹ̀ á hàn lójú rẹ̀. Òun fúnra rẹ̀ ló kọ́ ẹ̀rọ náà ní ayò títa. Ilé mẹ́fà ní ìhà kan, mẹ́fà ní ìhà kejì, ọmọ ayò sì ń tàn nínú wọn bí ojú ológbò. Ìka funfun kékeré kan wà tó ń fi ilé tí èèyàn fẹ́ ta hàn. Bí ẹ bá tẹ bọ́tìnì kan, ìka náà á sún. Bí ẹ bá tẹ òmíràn, á kó ọmọ, á sì ta á. Bí ẹnikẹ́ni kò bá tẹ nǹkan, kò ní kúrò lójú kan. Ẹ má gbàgbé èyí.

Ilé iṣẹ́ kan lókè òkun ló sọ fún un pé àwọn á gbà á síṣẹ́ bó bá lè fi odindi ayò kan hàn àwọn, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, láìgé e. Ó ní láti yà á sínú fídíò. Gbogbo èyí tó ti yà tẹ́lẹ̀ ló bàjẹ́. Káséètì tán lẹ́ẹ̀kan, iná lọ lẹ́ẹ̀kan, ìgbà mìíràn kọ̀ǹpútà gbóná, gbogbo rẹ̀ sì dì gbagidi. Lọ́tẹ̀ yìí, ó ti ra káséètì oníwákàtí mẹ́ta tí wọ́n kó wá láti Kútọnu. Jẹnẹrétọ̀ ń kùn lẹ́yìnkùlé, fáànù sì kọjú sí ẹ̀rọ. Ó ní kí èmi àti Làmídì wá ta á, nítorí ayò tiwa máa ń pẹ́.

“Táófíkì,” ni Làmídì wí, “ayò tí n kò lè kó lọ́wọ́, báwo ni mo ṣe máa jẹ ẹ́?”

“Bàbá Kúdí,” ni Táófíkì dá a lóhùn, “ẹ sáà máa tẹ bọ́tìnì yìí. Á jẹ ẹ́ fún yín.”

“Ó dáa.” Ó yíjú sí mi. “Ìwọ òpè, jókòó kí o gba ìyà rẹ. Lónìí, òyìnbó á wò ọ́ nínú tẹlifíṣọ̀n bí mo ṣe ń nà ọ́.”

Mo jókòó.

Kí ẹ tó lè mọ ohun tó dé bá ọ̀rẹ́ mi, ẹ ní láti mọ Bàbá Àlímọ̀. Òun ni ọ̀ta ayò àdúgbò wa. Abẹ́ odán iwájú mọ́ṣáláṣí la ti máa ń ta ayò, kò sì sẹ́ni tó lè jẹ ẹ́. Ó ní àṣà kan tí gbogbo wa mọ̀ ọ́n mọ́. Bó bá fẹ́ ta, á fọwọ́ kan ilé tó wà ní ìpẹ̀kun ọ̀tún, á fà á padà. Á fọwọ́ kan èyí tó tẹ̀ lé e, á tún fà á padà. Á dúró díẹ̀, bí ẹni tó ń gbọ́ nǹkan. Lẹ́yìn náà á padà sí ti àkọ́kọ́, á kó o.

Kì í sì í fi ọmọ sílẹ̀ lójú ọpọ́n. Bí ládàánì bá pè, tí ayò kò tíì tán, á kó gbogbo rẹ̀ sínú àpò. Ó máa ń sọ pé ọmọ tó bá wà lójú ọpọ́n ń pe ẹni tó máa ta á.

Ní àdúgbò wa, ẹni tí wọ́n bá jẹ kẹ́yìn ló ń gbé àpótí ìjókòó ẹni tó jẹ ẹ́, á sì sìn ín délé. Ọ̀pọ̀ ọdún ni Làmídì fi gbé àpótí Bàbá Àlímọ̀. Àpótí náà ti là, wọ́n fi páànù agolo mílíìkì kàn án. Ẹ lè mọ̀ ọ́n láàárín ọgọ́rùn-ún àpótí.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, Làmídì jẹ ẹ́. A pariwo títí. Bàbá àgbàlagbà náà gbé àpótí Làmídì sí èjìká, ó sì sìn ín délé. Ní ẹnu ọ̀nà, ó rẹ́rìn-ín, ó ní, “Làmídì, èyí tó kàn ń bọ̀ o. Ọjọ́ tí mo bá jẹ ọ́, ilé mi lo máa bá mi dé.”

Kò pẹ́ sí i tó kú. Àlímọ̀ ọmọ rẹ̀ kó gbogbo ẹrù rẹ̀ àti àpótí yẹn sínú ilé, ó ti ilẹ̀kùn pa, ó sì mú kọ́kọ́rọ́ lọ sí Òkèhò tó ti lọ́kọ. Láti ìgbà náà, Làmídì kò dé abẹ́ odán mọ́. Ó ní ayò inú tẹlifíṣọ̀n yìí yàtọ̀, pé kò sí ọpọ́n níbẹ̀.

A bẹ̀rẹ̀. Ó ń lù mí bó ṣe wù ú. Nígbà tó kàn mí láti ta, a gbọ́ ìpè Àlàásárì.

Làmídì dìde, ó sì dúró. “A ò ní da ọmọ nù?”

“Ọmọ wo?” Táófíkì rẹ́rìn-ín. “Bàbá Kúdí, iná lásán mà ni. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fọwọ́ kan nǹkan kan. Bí mo bá pa á, ó tún di ègé nìyẹn. Ẹ jẹ́ kí fídíò máa yí lọ, a ó bá a bẹ́ẹ̀.”

Èmi kò fọkàn tán Táófíkì pátápátá. Ọmọ dáadáa ni, ṣùgbọ́n ó fẹ́ràn láti máa fi ẹ̀rọ dẹ́rù ba èèyàn. Nítorí náà, mo mú un jáde níwájú mi. Mo wo fèrèsé, irin wà lójú rẹ̀. Mo ti ilẹ̀kùn, mo fi kọ́kọ́rọ́ sínú àpò mi. Ní mọ́ṣáláṣí, ọ̀tún mi ló dúró sí, Làmídì wà ní òsì. N kò jẹ́ kó kúrò lójú mi.

Nígbà tí a padà dé, ilẹ̀kùn wà bí mo ṣe tì í. Mo ṣí i. Fáànù ń yí, fídíò ń yí. Ṣùgbọ́n ọmọ inú ayò kò sí níbi tí a fi wọ́n sí.

Ẹnì kan ti bá mi ta tèmi. Kì í ṣe pé ó ta á nìkan, ó jẹ. Ó wá kan Làmídì.

Mo di Táófíkì lápá mú. “Ìwọ lo ṣètò rẹ̀ bẹ́ẹ̀.”

“Bọ̀ọ̀dá, mo fi Ọlọ́run búra.”

“Má fi Ọlọ́run búra fún mi.”

“Kò lè dá ta, Bọ̀ọ̀dá. N kò kọ́ ọ bẹ́ẹ̀. Àfi bí ẹnì kan bá tẹ̀ ẹ́.”

Làmídì rẹ́rìn-ín, ó jókòó. “Ẹ̀tàn ọmọdé ni. Wò ó bí mo ṣe máa dá a lóhùn.” Ó tẹ bọ́tìnì, ó ta tirẹ̀.

Ọwọ́ mi wà lórí itan mi. Táófíkì wà lẹ́nu ọ̀nà, mo ń wò ó. Ọwọ́ Làmídì ti kúrò lórí ẹ̀rọ. Ìka funfun náà sún.

Ó lọ sí ilé tó wà ní ìpẹ̀kun ọ̀tún. Ó padà sẹ́yìn. Ó lọ sí èyí tó tẹ̀ lé e. Ó padà.

Ó dúró.

Ẹ̀rín kúrò lẹ́nu Làmídì. Ó sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́, bí ẹni tí kò fẹ́ kí ẹni tó wà nítòsí gbọ́. “Bàbá Àlímọ̀ ni.”

Ìka náà padà sí ti àkọ́kọ́, ó kó ọmọ, ó ta, ó sì jẹ. Làmídì kò tẹ nǹkan kan, ṣùgbọ́n mo ń wo ojú ọpọ́n. Ilé kan ṣoṣo ló kù fún un láti ta. Bó bá ti ta á, ó ti tán nìyẹn.

Ẹ gbọ́ ohun tó bà mí lẹ́rù jù. Ọwọ́ Làmídì tún ń lọ sórí bọ́tìnì. Omi ń bọ́ lójú rẹ̀, ọwọ́ rẹ̀ sì ń lọ.

“Làmídì, má ta á.”

“Èmi ló kàn,” ni ó wí jẹ́jẹ́. “Wọ́n ń dúró dè mí.”

Mo fa wáyà yọ. Kọ̀ǹpútà kú, tẹlifíṣọ̀n ń hó yààyàà. Táófíkì káwọ́ lérí, ó ní mo ti gba iṣẹ́ lọ́wọ́ òun. Mo ní kó yí káséètì padà sẹ́yìn kí n wò ó.

Gbogbo rẹ̀ ló wà níbẹ̀. Ní àsìkò tí a wà ní mọ́ṣáláṣí, a rí ìka funfun náà tó ń sún nínú yàrá tí mo tì: ọ̀tún, ẹ̀yìn, ẹ̀gbẹ́, ẹ̀yìn. Títí dé ibi tí mo ti fa wáyà yọ, ọmọ ṣì wà lójú ọpọ́n, ó ń tàn.

“Da ọmọ yẹn nù fún mi,” ni Làmídì wí.

“Kò ṣeé dà nù, Bàbá Kúdí. Ó ti wọnú káséètì. Àfi ká ya nǹkan mìíràn lé e lórí.”

“Yà á lé e lórí nígbà náà.”

Táófíkì wo káséètì náà. “Ó di ọ̀la,” ni ó wí. Mo wo ojú rẹ̀, mo sì mọ̀ pé kò ní ṣe é.

Kò sì ṣe é. Ó fi ránṣẹ́ sókè òkun bó ṣe wà. Ó ní kí àwọn náà wò ó. N kò mọ ẹni tó wà lọ́wọ́ rẹ̀ lónìí, n kò sì mọ iye ènìyàn tó ti ṣe ẹ̀dà rẹ̀. Nítorí náà, bí ẹ bá ń ya eré sínú fídíò, ẹ ta á tán kí ẹ tó dìde. Bí ẹ bá sì rí ayò nínú fídíò, tí ìka funfun kan ń lọ tó ń bọ̀, ẹ pa á. Ẹ má bá a rò ó níbi tó yẹ kí ó ta.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, mo kírun Àsùbáà, mo sì lọ wo Làmídì. Ilẹ̀kùn rẹ̀ ṣì wà ní títì. Àpótí kan wà níwájú ilẹ̀kùn náà, wọ́n gbé e síbẹ̀ tààrà, níbi tí ẹni tó bá ṣílẹ̀kùn máa kọ́kọ́ fẹsẹ̀ gbá. Ó ti là, páànù agolo mílíìkì wà lára rẹ̀.

Mo sáré dé ilé Bàbá Àlímọ̀. Agádágodo wà lẹ́nu ọ̀nà, ó ti dípẹtà. Mo fura sí Táófíkì. Mo ṣì ń fura sí i. Ṣùgbọ́n kọ́kọ́rọ́ wà ní Òkèhò.

Nígbà tí mo padà, mo gbọ́ tí Làmídì ń wúkọ́ nínú ilé, tó ń wá bàtà rẹ̀. Ìyàwó mi ti kú, àwọn ọmọ mi ti dàgbà; bí ẹnì kan bá ní láti gbé e, kó jẹ́ èmi. Mo bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, mo gbé àpótí náà lé èjìká kí ó tó yọjú. N kò gbé e lọ sí ilé ẹni tó ni ín. Ilé mi ni mo gbé e lọ, ó sì wúwo ju àpótí lọ.