Ọ̀pá Bàbá Mi

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo yà sí ṣọ́ọ̀bù káfíńtà kan ní Amukòkò, òórùn pákó tútù sì dá mi dúró lẹ́nu ọ̀nà.

Òórùn ilé wa ni. Ẹ̀yìn ibi ìlagi kan létí ọ̀sà l'Ájégúnlẹ̀ ni wọ́n bí mi sí, láàárín ilé pákó bíi mẹ́wàá, níbi tí lẹ́búlẹ́bú igi ti máa ń bà sínú ọbẹ̀ wa. Bàbá mi àti ẹnìkejì wọn ló máa ń so gẹdú pọ̀, tí wọ́n á dúró lé e lórí, tí wọ́n á fi ọ̀pá gígùn tì í gba ojú omi wá láti Ìlàjẹ.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, gẹdú dé. Mo sáré lọ pàdé wọn. Ẹnìkejì bàbá mi nìkan ló wà lórí rẹ̀. Omi ṣì ń kán lára ọ̀pá tiẹ̀. Ti bàbá mi wà nílẹ̀ lórí gẹdú náà, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìkòkò tí wọ́n fi ń dáná.

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, bàbá mi ńkọ́?"

Kò wojú mi. "Lọ pe màmá ẹ wá."

Ẹnìkan pa ẹ̀rọ ìlagi, gbogbo àdúgbò sì dákẹ́. Mo wọ́ ọ̀pá bàbá mi lọ sílé.

"Màámi, ẹ wò ó, ọ̀pá bàbá mi gbẹ. Wọ́n ti sinmi dáadáa lónìí."

Mo dàgbà kí n tó mọ̀ pé láti ọjọ́ tó ṣáájú ọjọ́ náà ni omi ti gbé bàbá mi lọ.

Màámi kúnlẹ̀, wọ́n fọwọ́ pa ọ̀pá náà láti ìdí dé orí, wọ́n ń wá ibi tó ṣì tutù.