Èémí Tó Ń Jáde Lára Ewé

Òórùn oògùn apakòkòrò ló máa ń kọ́kọ́ pàdé ènìyàn lẹ́nu ọ̀nà wọ́ọ̀dù àwọn ọmọdé, òun àti eruku ọyẹ́ tó ń gba ojú fèrèsé wọlé. Sókótó la wà nígbà náà, ní àdúgbò Runjin Sambo. Wẹ́dà ni bàbá mi, ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́. Èmi sì wà nílé ìwé girama. Àbúrò mi obìnrin, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń rìn tẹ̀ẹ́tẹ̀ẹ́, ni òtútù àyà dá dùbúlẹ̀. Wọ́n ki rọ́bà tín-ín-rín bọ̀ ọ́ nímú, wọ́n so ó mọ́ sílíńdà ọ́síjìn gíga kan. Ojú ọmọ ni ìyá mi ń wò. Bàbá mi ní tiẹ̀ kò gbójú kúrò lára abẹ́rẹ́ òṣùwọ̀n orí sílíńdà. Irú rẹ̀ ló fi ń jó irin ní ṣọ́ọ̀bù, ó mọ ohun tí abẹ́rẹ́ náà ń wí. Mo gbọ́ tó rọra sọ fún ìyá mi pé, “Ó ń lọ sílẹ̀ o.” Wọ́n gbé òmíràn dé kó tó tán, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ yẹn ti wọ̀ mí lára. Mo gbé e sùn, mo gbé e dé ilé ìwé.

Ewé ni tíṣà báyọ́lọ́jì wa, obìnrin Ìjẹ̀bú kan tí ohùn rẹ̀ kì í ròkè, ń kọ́ wa lọ́jọ́ náà. Bó ṣe dárúkọ ọ́síjìn ni mo nawọ́, mo bi í bóyá kò lè tán láyé. Kíláàsì bú sẹ́rìn-ín. Òun kò rẹ́rìn-ín. Nígbà tí agogo lù, ó pè mí sẹ́yìn, ó fi Yorùbá bi mí pé, “Ta ni ara rẹ̀ kò yá nílé yín?” Ẹkún ni mo fi dá a lóhùn.

Àárọ̀ ọjọ́ kejì, ó ti dé fadama, ìyẹn ilẹ̀ oko etí odò, ó já ewéko inú omi wá. Ó kó o sínú abọ́ gíláàsì tí omi kún inú rẹ̀, ó da irú àrọ tí a fi ń rọ epo bò ó, ó dojú ìgò tẹ́ẹ́rẹ́ kan tó kún fómi dé orí ẹnu tẹ́ẹ́rẹ́ àrọ náà, ó gbé gbogbo rẹ̀ sóòrùn. Oòrùn Sókótó kì í báni ṣeré. Kò pẹ́ tí afẹ́fẹ́ wẹ́wẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í yọ lára ewé, wọ́n ń dán, wọ́n ń gòkè lọ́kọ̀ọ̀kan. Ó fi aṣọ dúdú bò ó fúngbà díẹ̀. Nígbà tó ṣí i, wọ́n ti dáwọ́ dúró. Oòrùn tún kàn án, wọ́n tún bẹ̀rẹ̀.

Ó ní, “Oúnjẹ ni ewé ń sè. Omi àti afẹ́fẹ́ tí à ń mí síta ló ń lò, oòrùn sì ni iná rẹ̀. Ó ń fi wọ́n ṣe ṣúgà tó ń mú un dàgbà. Òun náà là ń jẹ nínú jéró àti ìrẹsì. Bó ṣe ń sè é ni ọ́síjìn ń jáde fún wa.”

Nígbà tí afẹ́fẹ́ náà pọ̀ tó nínú ìgò, ó ṣáná sí igi ìgbálẹ̀ kan, ó fẹ́ ẹ pa títí tó fi ku ẹyin iná pupa lásán, ó tì í bọ inú ìgò. Iná là fòò! “Ikon Allah!”, ìyẹn “Agbára Ọlọ́run!”, ni ọmọ Hausa tó jókòó tì mí kígbe, òun tó ti fi mí rẹ́rìn-ín jù.

Tíṣà tẹ̀ lé mi dé wọ́ọ̀dù lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn. Ó kí àwọn òbí mi kú ìdúró, ó sì ní kí n sọ ohun tí mo rí. Mo sọ ọ́ tán ni bàbá mi yíjú sí tíṣà.

“Lára ewé kẹ̀?”

“Bẹ́ẹ̀ ni, sà. Inú afẹ́fẹ́ yìí ni wọ́n ti ń fa èyí tó wà nínú sílíńdà yẹn. Ewé orí ilẹ̀ àti tinú omi ló sì ń dá a padà síbẹ̀ lójoojúmọ́.”

Bàbá mi ní, “Láti ọjọ́ tí mo ti ń jó irin, n kò bèèrè rí ibi tó ti ń wá.” Ó wá kúrò nídìí abẹ́rẹ́ yẹn, ó jókòó ti ìyá mi, ó di ẹsẹ̀ ọmọ rẹ̀ mú.

Dókítà àti oògùn ló wo àbúrò mi sàn, n kò ní purọ́. Ó ti di ọmọge tí kì í gbà fúnni nínú àríyànjiyàn. Ohun tí tíṣà yẹn ṣe ni pé kò fi ẹ̀rù ọmọdé ṣe yẹ̀yẹ́, kò sì fi àdúrà nìkan pa á lẹ́nu mọ́. Ó fi òótọ́ hàn án lójúmọmọ. Mo ti rí ọ̀pọ̀ ọ̀mọ̀wé lẹ́yìn rẹ̀, ìwọ̀nba díẹ̀ ni mo rí tó lójú àánú bẹ́ẹ̀. Láti ìgbà náà, n kò mí èémí kan kí n rò pé èmi nìkan ni mo ni ín: ewé kan ti dúró nínú oòrùn kó tó kàn mí.