Ọmọọba Méjì ní Gberefu

Nígbà tí owó epo rọ̀bì wọ̀lú, tí àwọn kan ń pààrọ̀ mọ́tò, tí àwọn mìíràn ń pààrọ̀ ìyàwó, Sagbo ará Gberefu, lódìkejì ọ̀sà Badagry, pààrọ̀ orúkọ. Iṣẹ́ rẹ̀ ní bọ́dà Seme ni pé kó bá àwọn oníṣòwò Èkó gba ẹrù wọn lọ́wọ́ kọ́sítọ́ọ̀mù, ó sì mọṣẹ́ náà dunjú. Ṣùgbọ́n ó ṣàkíyèsí pé bí àwọn olówó wọ̀nyí bá gbọ́ “Sagbo”, wọn a bi í bóyá ó ní ẹja tútù lọ́wọ́. Bí wọ́n bá gbọ́ orúkọ tó ní adé nínú, wọn a fún un ní àga.

Bó ṣe di Ọmọọba Adékúnlé nìyẹn, lọ́dún 1976. Adé kún ilé! Ilé wo? Ilé bàbá Sagbo tó wà láàárín ọ̀sà àti òkun, tí wọ́n fi imọ̀ àgbọn bò. Ohun kan ṣoṣo tí bàbá náà dé sórí títí ó fi kú ni àkẹtẹ̀ kan báyìí tí òórùn ẹja kì í kúrò lára rẹ̀.

Ká ní Sagbo fi adé rẹ̀ sílẹ̀ ní Seme, ọ̀rọ̀ ì bá má le. Ṣùgbọ́n ó fẹ́ kí ìyá òun náà pe òun bẹ́ẹ̀, ó sì gbàgbé ohun tí orúkọ tí wọ́n bí i mọ́ túmọ̀ sí. Láàárín àwọn Ògù, tí Yorùbá ń pè ní Ègùn, bí ọkùnrin bá jẹ́ Sagbo, o ò ní láti bèèrè mọ́, Zinsu wà níbì kan. Zinsu ni ìbejì tó kọ́kọ́ dé, Sagbo ló tẹ̀ lé e. Ohun tí wọ́n bá sì ṣe fún ọ̀kan, dandan ni kí wọ́n ṣe é fún èkejì, kí inú má bàa bí i kó padà síbi tó ti wá.

“Màmá, láti òní lọ, ẹ má pè mí ní Sagbo mọ́. Adékúnlé ni mò ń jẹ́.”

Ìyá wọn, tí gbogbo Gberefu ń pè ní Hohonọ nítorí pé ó bí ìbejì, gbé àgbọn tó ń fọ́ sílẹ̀. “Zinsu ńkọ́?”

“Zinsu ṣì ń jẹ́ Zinsu.”

“Orí ẹ ò pé. Ìgbà wo ni mo dáṣọ fún ọ tí mi ò dá fún ìkejì ẹ? Kí ni tiẹ̀?”

Sagbo họrí. “Ẹ pè é ní Adéwálé nígbà náà.”

Hohonọ se ẹ̀wà, ó pe àdúgbò jọ, ó sì kéde. Bí Zinsu, apẹja tí kò kúrò nínú ọkọ̀, ṣe di ọmọọba nìyẹn. “Ọmọọba Adéwálé, ẹ gbọ́n omi inú ọkọ̀ yín o!” “Kábíyèsí, àwọ̀n yín ti ya!” Zinsu a máa rẹ́rìn-ín, a sì máa gbọ́n omi rẹ̀ lọ.

Sagbo kò rẹ́rìn-ín ní tirẹ̀, torí ìfẹ́ ti kó sí i lára. Láídé ló wù ú, ọmọbìnrin kan tó ń ránṣọ ní Badagry. Ó rán agbádá lọ́dọ̀ rẹ̀ títí kò fi ríbi wọ̀ wọ́n lọ mọ́. Ṣùgbọ́n bàbá Láídé, Alàgbà Mákánjú, tí òwò simẹ́ǹtì ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ di gbajúmọ̀, ti búra pé òun ò ní fọmọ fún ẹni tí kò ní orúkọ. Ó bi Sagbo nípa ìdílé rẹ̀. Ẹ̀rù ba Sagbo kí wọ́n má lọ mọ apẹja mọ́ ọn, ó sì dáhùn pé, “Èmi nìkan ni ìyá mi bí, sà.”

Bàbá àgbà náà ò bá a jiyàn. Ó mú Láídé, ó kọrí sí Gberefu, wọ́n fẹ́ lọ wádìí ilé. Ẹni tó sì wa ọkọ̀ tó gbé wọn sọdá, ojú Adékúnlé gan-an ló ní.

“Ọmọọba!” Alàgbà Mákánjú fẹ́ẹ̀ dọ̀bálẹ̀ sínú omi. “Ẹ̀yin fúnra yín lẹ ń wakọ̀?”

“Èmi kọ́, bàbá. Ìkejì mi lẹ mọ̀.”

“Ìkejì kẹ̀?” ni Láídé wí bí wọ́n ṣe gúnlẹ̀. “Ó ní òun nìkan ni ìyá òun bí.”

Hohonọ dúró létí omi, ó sì gbọ́. Kò pariwo. Níbẹ̀, wọn kì í sọ pé ìbejì kú. Wọ́n máa ń ní ó lọ ṣẹ́gi nígbó. “Háà,” ni ìyá náà wí. “Sagbo ní Zinsu ti lọ ṣẹ́gi.”

Bí wọ́n ṣe ń padà, Alàgbà Mákánjú ní òun ò rí ohun tó burú níbẹ̀. Gbogbo etí omi ló ń kí wọn ní ọmọọba, ìdílé ńlá ni!

“Bàbá,” ni Láídé wí, “ẹni tó lè fẹnu pa ẹni tó jọ ọ́ tó báyìí, kí ló máa fojú tèmi rí?” Ó fi àáké kọ́rí, kò fẹ́ ẹ mọ́.

Hohonọ ní tirẹ̀ lọ bá agbẹ́gilére ní ìlú Kankon, ó ní kí wọ́n gbẹ́ ère kékeré kan fún òun, irú èyí tí ìbejì tó kù máa ń gbé káàkiri. Zinsu fúnra rẹ̀ ló rán. Zinsu dé Seme, ó bá Sagbo láàárín àwọn oníbàárà rẹ̀, ó sì gbé ère náà ka orí tábìlì.

“Màmá ní èmi rèé. Ohun tó o bá jẹ, kó o fún mi jẹ. Tó o bá dáṣọ, kó o dá tèmi.” Ó yí padà, ó lọ. Ojú ti Sagbo débi pé kò lè wo ẹnikẹ́ni lójú títí ilẹ̀ fi ṣú.

Lọ́dún 1984, ìjọba ti bọ́dà pa. Àwọn ọmọọba bíi Adékúnlé ṣáko lójú ọ̀nà Seme, kò sẹ́ni tó fún wọn ní àga. Àsìkò yẹn ni Sagbo dé etí ọ̀sà lọ́sàn-án ọjọ́ kan pẹ̀lú àpò kan, ó ké sí ọkọ̀ tó wà lódìkejì.

“Ta ni yẹn?”

“Adékúnlé ni!”

Ọkọ̀ náà ò mira. Sagbo dúró nínú oòrùn títí kó tó tún ké sí i.

“Sagbo ni!”

Zinsu wakọ̀ dé. Kò kí i. “Èmi dà?”

Sagbo tú àpò rẹ̀. Ère náà wọ agbádá léèsì kékeré, irú léèsì tó ti gbó sára Sagbo gan-an. Zinsu bú sẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ló rí ẹnu ère náà: epo ẹ̀wà wà níbẹ̀, kò tíì gbẹ. Ó gbójú sókè wo ẹ̀rẹ̀kẹ́ ìkejì rẹ̀ tó ti jìn wọnú, ẹ̀rín sì kúrò lójú rẹ̀.

“Ìwọ ńkọ́?” ló bi í. “Ṣé o ti jẹun?”

Sagbo mi orí pé rárá, ó sì wọ inú ọkọ̀ lọ jókòó.