Obìnrin Tó Kúnlẹ̀ fún Aṣọ Funfun

Bí a bá dárúkọ olóògbé Phebe Ọmọ́yẹlé ní Iléṣà, ọ̀rọ̀ ọjọ́ sinimá ni gbogbo ẹnu kọ́kọ́ ń sọ. Ọdún 1955 ni. Mótò sinimá ìjọba ta aṣọ funfun sí pápá, èrò kún fọ́fọ́, àwòrán nípa omi mímu tó mọ́ sì bẹ̀rẹ̀. Àfi gbàà, Phebe yọ lórí aṣọ, tòun ti ìkòkò omi lórí! Ìyàwó ilé Ògúnmọ́lá ti di òṣèré! Àwọn èèyàn ń hó yèè, Phebe náà sì ń na ọrùn kí wọ́n lè rí òun dáadáa.

Lẹ́yìn náà ni Phebe orí aṣọ kọjá níwájú Bàbá Ògúnmọ́lá, baba ọkọ rẹ̀, tó jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Kò kúnlẹ̀. Kò tilẹ̀ wojú wọn.

Gbogbo èrò yíjú sí Phebe.

"Háà!" Ìbíjọkẹ́, ẹ̀gbọ́n ọkọ rẹ̀, ló kọ́kọ́ la ẹnu. "Irú ìyàwó tí a gbé wọ ulé nìyí?"

Ọdún mẹ́ta ló ti fi ń wá ojú rere ilé ọkọ, gbogbo rẹ̀ sì fẹ́ bàjẹ́ lójú ìlú. Bẹ́ẹ̀ ó kúnlẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n yàwòrán! Ẹ̀ẹ̀mẹsàn-án ni wọ́n yà á, ẹ̀ẹ̀mẹsàn-án ló kúnlẹ̀! Mùstàfá ará Òṣogbo, awakọ̀ mótò sinimá, bẹ̀ ẹ́ títí.

"Ìyàwó, jọ̀ọ́, kọjá lọ ni. Fíìmù ń tán."

"Kí n kọjá Bàbá mi? Ṣé bí ẹ ti ń ṣe é ní ulé yín l'Óṣogbo nìyẹn?"

Wọ́n gbà fún un. Àṣé nígbà tí wọ́n dé Èkó, wọ́n gé ìkúnlẹ̀ náà sọnù.

Ni Phebe bá fò dìde láàárín èrò. Ó sáré bọ́ sí àárín ìmọ́lẹ̀, ó kúnlẹ̀ gbì níwájú aṣọ.

"Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, Bàbá mi!"

Bàbá orí aṣọ kò fọhùn. Bàbá gan-an, tó jókòó lẹ́yìn rẹ̀, ló dáhùn: "Pẹ̀lẹ́ o, ìyàwó mi. Dìde, ò ń dí mi lójú, mò ń wo ara mi."

Fíìmù kan ṣoṣo tí Phebe ṣe láyé nìyẹn, kò sì tó ìṣẹ́jú márùn-ún. Ṣùgbọ́n ibi tí mótò náà bá gbé e lọ, Phebe á wọkọ̀ tẹ̀lé e, kí ẹnikẹ́ni má baà pè é ní aláìlẹ́kọ̀ọ́. Ó kúnlẹ̀ l'Ẹ́sà-Òkè. Ó kúnlẹ̀ nínú ẹrẹ̀ ní Ìpetu. L'Óṣogbo, bó ti ń dìde báyìí ni àwọn èèyàn ń ká àga wọn lọ sílé.

"Ìyàwó," ni Mùstàfá sọ, "kò sẹ́ni tó ń dúró wo bí wọ́n ṣe ń se omi mọ́. Ìwọ nìkan ni wọ́n ń bèèrè."

"Ẹ dá ìkúnlẹ̀ mi padà, n ó sì jókòó sílé."

Ní 1958, Bàbá Ògúnmọ́lá kú. Oṣù kan lẹ́yìn náà, mótò tún dé Iléṣà. Mùstàfá kọ́kọ́ wá sílé wá bèèrè bóyá kí òun má fi fíìmù náà hàn. Phebe ní kó fi í hàn.

Bàbá yọ lórí aṣọ, lórí àga wọn, ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ wọn. Phebe kúnlẹ̀.

"Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, Bàbá mi."

Kò sẹ́ni tó dáhùn, kò sì sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Àwòrán náà kọjá, Phebe ò dìde. Omijé ń bọ́ lójú rẹ̀ pẹ́rẹ́pẹ́rẹ́.

Ìbíjọkẹ́ ló dìde láàárín èrò, tó rìn wọ inú ìmọ́lẹ̀ náà, tó sì di apá rẹ̀ mú.

"Pẹ̀lẹ́ o, ìyàwó wa," ló wí. "Bàbá gbọ́. Dìde ká lọ ulé."