Ìkòkò Tí A Ń Bá Sọ̀rọ̀ Nílé Ọkọ Mi

Òórùn ẹ̀gúsí tó ń dín nínú epo pupa ló kọ́kọ́ kí mi káàbọ̀ sí agboolé ọkọ mi ní Abẹ́òkúta, ọdún díẹ̀ lẹ́yìn tí ogun àgbáyé kejì parí. Wásinmi ni wọ́n ti gbé mi níyàwó wá. Mo ti kàwé dé Sítáńdádì Síìsì, mo ń kọ́ àwọn ọmọ kéékèèké ní á-bí-dí, mo sì gbà pé kò sí ohun tí ilé ìdáná kankan tún lè kọ́ mi.

Àwọn ọmọ ìsinsìnyí tí mo bá sọ ìtàn yìí fún máa ń pè é ní idán. Mo máa ń tún un ṣe fún wọn: kì í ṣe idán, bí oúnjẹ ṣe rí nílé náà ni. Ohunkóhun tó bá wà nínú ẹni tó ń dáná ló máa wọ inú ọbẹ̀, òun náà ni yóò sì máa ṣe ẹni tó bá jẹ ẹ́. Bí ìyàwó kan bá fi ìbínú lọ ata, àwọn tó jẹun á jà kí wọ́n tó fọwọ́. Nítorí èyí, obìnrin kan kì í gbé ìkòkò kaná láì kọ́kọ́ bá a sọ̀rọ̀. Yóò jókòó tì í, yóò tẹnu bọ inú rẹ̀ nígbà tó ṣì ṣófo, yóò sì sọ gbogbo ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀ láì fi ọ̀kan pamọ́. Ìkòkò á gbà á, ọbẹ̀ á sì mọ́.

Ọbẹ̀ àkọ́sè ni wọ́n fi ń mọ̀ bóyá ìyàwó tuntun yóò lè gbé ilé náà. Bí ó bá bàjẹ́, wọ́n á ní kó tún òmíràn sè. Bí ìyẹn náà bá bàjẹ́, wọ́n á rọra dá a padà sílé bàbá rẹ̀ títí inú rẹ̀ á fi rọ̀. Mo gbọ́ pé àwọn kan wà tí inú wọn kò rọ̀ títí wọ́n fi lọ fẹ́ ẹlòmíràn.

Ìyá ọkọ mi ló ṣàlàyé gbogbo èyí fún mi. Aláró ni, ọwọ́ rẹ̀ dúdú dé ìgúnpá, kì í sì í sọ ju ohun tó bá yẹ lọ. Ẹ̀rù rẹ̀ ń bà mí púpọ̀. Ṣùgbọ́n báwo ni odidi tíṣà ṣe máa tẹnu bọ ìkòkò? Bí àwọn ọmọ kíláàsì mi bá gbọ́ ńkọ́? Mo bá fi ọgbọ́n ara mi ṣe é. Mo ronú pé bí mo bá ń kọ orin ìyìn láti ìgbà tí mo dáná títí ọbẹ̀ á fi jinná, ayọ̀ ni yóò wọ inú rẹ̀. Mo kọrin títí ọ̀fun mi fi gbẹ.

Bàbá ọkọ mi ló kọ́kọ́ fi òkèlè lafún kan ọbẹ̀ náà. Ó gbé e mì, omi sì bọ́ lójú rẹ̀. Ó dìde, ó mú fìlà.

"Mo fẹ́ lọ sílé."

"Bàbá, ilé yín náà rèé," ni ọkọ mi wí, omi ti ń bọ́ lójú tirẹ̀ náà.

"Mo mọ̀. Èmi ni mo kọ́ ọ. Mo ṣáà fẹ́ lọ sílé, sọ́dọ̀ ìyá mi."

Bàbá arúgbó tí ìyá rẹ̀ ti kú kí wọ́n tó bí ọkọ mi! Ìyàwó ẹ̀gbọ́n ọkọ mi, tí kò tíì fọwọ́ kan oúnjẹ, pàtẹ́wọ́. "Ẹ gbà mí o! Tíṣà ti bu Wásinmi sínú ọbẹ̀ fún wa. Ẹ tètè ti ilẹ̀kùn, kí gbogbo ilé má baà bá ẹsẹ̀ wọn sọ̀rọ̀!"

Àwọn tí kò tíì jẹun rẹ́rìn-ín. Èmi kò lè rẹ́rìn-ín. Àárò ilé ń sọ mí, mo sì ti rò pé orin ti bò ó mọ́lẹ̀. Mo fẹ́ràn ọkọ mi, n kò fẹ́ kí wọ́n dá mi padà, ọbẹ̀ kan péré ló sì kù.

Lọ́jọ́ kejì, mo jókòó ti ìkòkò, n kò rí ọ̀rọ̀ sọ. Ìyá ọkọ mi wọlé. Mo rò pé ó wá bá mi wí ni. Kò wojú mi. Ó jókòó, ó tẹnu bọ ìkòkò.

"Ìkòkò, ẹ̀rù ń bà mí o. Àbíkẹ́yìn mi ti fẹ́ ọmọ tó mọ̀wé. Èmi ò mọ nǹkan kan níbẹ̀. Bóyá ó ń wo ọwọ́ aró mi bí ẹni wo ìdọ̀tí. Láti ọjọ́ tó ti dé, n ò mọ ohun tí mo lè bá a sọ, ni mo bá ń dákẹ́."

"Màmá, rárá o! Ẹ̀yin gan-an lẹ̀rù yín ń bà mí!"

"Ìkòkò ni kí o sọ fún." Ó tì í sọ́dọ̀ mi. "Èmi ò sí níbí."

"Ìkòkò," ni mo bẹ̀rẹ̀, ojú ń tì mí, "ẹ̀rù ìyá ọkọ mi ń bà mí bí ẹ̀rù ìnsípẹ́kítọ̀ tó ń wá yẹ ilé ìwé wò. Tí wọ́n bá ti dákẹ́ báyìí, àyà mi á máa já. Mo fẹ́ béèrè bí wọ́n ṣe ń rẹ aṣọ láró, n kò láyà. Àárò ìyá mi sì ń sọ mí. Tí gbogbo ilé bá ti lọ sọ́jà, ẹ̀yìnkùlé ni mo ti ń sunkún."

"Ìnsípẹ́kítọ̀ kẹ̀! Èmi?" Ìyá bú sẹ́rìn-ín, ó rẹ́rìn-ín títí ó fi di ògiri mú. Èmi náà rẹ́rìn-ín, bẹ́ẹ̀ ni mò ń nu ojú nù. Lẹ́yìn náà ni a jọ gbé ìkòkò kaná.

Nígbà tí Bàbá mú òkèlè, gbogbo ilé ń wo ẹnu rẹ̀. Ó jẹ ẹ́, ó tún jẹ òmíràn, ó gbójú sókè.

"Iyọ̀ rẹ̀ pọ̀ díẹ̀," ni ó wí, ó sì tún na ọwọ́ sí ọbẹ̀.

N kò tíì gbọ́ ọ̀rọ̀ tó dùn tó bẹ́ẹ̀ rí. Iyọ̀ lásán! Lẹ́yìn mi, ìyá ọkọ mi mí kanlẹ̀, mo sì mọ̀ pé òun náà ti há èémí mọ́ra láti àárọ̀. Lọ́sàn-án ọjọ́ náà ni mo tó tú ẹrù mi, tó ti wà ní dídì láti ọjọ́ ìgbéyàwó, tí mo sì tò ó síbi tí wọ́n fi hàn mí.

Mo ti fẹ̀yìntì báyìí, ìyá ọkọ mi sì ti lọ sinmi tipẹ́. Àwọn ará agboolé náà ti fọ́nká, gáàsì ni mo fi ń dáná, kò sì dá mi lójú pé àwọn ìkòkò tí wọ́n ń tà lónìí ṣì ń gbọ́ ọ̀rọ̀. Èmi àti ìyá ọkọ mi bínú síra wa lọ́pọ̀ ìgbà lẹ́yìn náà, bí ìyá àti ọmọ ti ń bínú síra wọn, a sì máa ń parí rẹ̀ kí ilẹ̀ tó ṣú. Ṣùgbọ́n láàárín gbogbo ọdún tí a fi jọ gbé, n kò tún bẹ̀rù rẹ̀ mọ́.