Ẹni Tó Dúró, Ẹni Tó Lọ

Nwakaego ló kọ́ Bílíkísù níṣẹ́ tẹlifóònù ìjọba ní Onitsha. Òun ló fi hàn án bí wọ́n ṣe ń ti wáyà bọ ihò nígbà tí iná kékeré bá tàn lórí pátákó, òun náà ló sọ fún un pé a kì í jágbe mọ́ ẹni tó bá ń sunkún lórí ìlà. Ọmọ aláṣọ ará Ìsẹ́yìn ni Bílíkísù, ẹ̀yìn ọjà ńlá ni wọ́n bí i sí, ó sì gbọ́ Ìgbò ju bí ìyá rẹ̀ ṣe fẹ́ lọ. Nwakaego, ọmọ Umunya, kì í pè é lórúkọ. "Nwanne m" ló ń pè é, ọmọ ìyá mi.

Nígbà tí ìlú dàrú ní ọdún 1966, tí wọ́n ní kí àwọn àjèjì máa lọ sílé wọn, bàbá Bílíkísù kó ẹbí rẹ̀ sínú lọ́rì. Nwakaego bá wọn di ẹrù. Kò sunkún títí lọ́rì fi ṣí.

Ọ́fíìsì tẹlifóònù Ìbàdàn gba Bílíkísù sẹ́nu iṣẹ́. Ibẹ̀ ló wà títí ogun fi parí, ibẹ̀ ló ti lọ́kọ, tó sì bímọ. Yúnúsà ọkọ rẹ̀ ń ta páàtì máṣíìnì ìránṣọ. Nígbà tó gbọ́ pé wọ́n ti ń tún ọjà Onitsha kọ́, tí owó epo sì ti ń tú jáde káàkiri, ó ní kí wọ́n padà. Wọ́n gbé iṣẹ́ Bílíkísù padà sí Onitsha, ó sì bá Nwakaego nídìí pátákó. Ó ti rù, iwájú orí rẹ̀ ti funfun. Wọ́n dì mọ́ra.

Ní ọdún 1975, wọ́n fẹ́ fi ẹnì kan ṣe ọ̀gá yàrá tẹlifóònù náà. Wọ́n wo ọdún iṣẹ́ àwọn méjèèjì. Ti Bílíkísù kò já. Ti Nwakaego, wọ́n yọ ọdún ogun kúrò, wọ́n ní ó fi iṣẹ́ sílẹ̀. Nwakaego fẹjọ́ sùn, ìgbìmọ̀ sì wá láti Enugu.

"Èmi ni mo fi iṣẹ́ sílẹ̀?" Nwakaego béèrè lọ́wọ́ wọn. "Orí àga yìí ni mo wà tí ọta ìbọn ń wọ òrùlé. Ẹni tó lọ lẹ wá ń pè ní ẹni tó dúró!"

Alága yíjú sí Bílíkísù. "Màdáámù, ta ni àgbà nínú yín?"

"Àwọn ló kọ́ mi níṣẹ́, sà."

"A ò béèrè ìyẹn. Ṣé ẹ rí i lẹ́nu iṣẹ́ nígbà ogun?"

Láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, Yúnúsà ti kìlọ̀ fún un nílé: "Ìyá Súlìyát, ṣé ìwọ lo dá ogun sílẹ̀ ni? Ohun tójú rẹ ò bá rí, má bá wọn sọ ọ́."

Bílíkísù ní, "Mi ò rí wọn, sà."

Òótọ́ ni. Wọ́n sì fi í ṣe ọ̀gá.

Láti ìgbà náà ni Nwakaego ti ń pè é ní Màdáámù. Kò sí ìbínú nínú ohùn rẹ̀ rárá. Ìyẹn gan-an ló ń ba Bílíkísù lẹ́rù. Bó bá jókòó sórí àga ọ̀gá, a máa ṣe é bíi pé ẹnì kan ṣẹ̀ṣẹ̀ dìde níbẹ̀ ni, tí ara àga ṣì ń lọ́ wọ́ọ́rọ́.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan nígbà ọyẹ́, ó rí i tí Nwakaego ti wáyà bọ ihò tí iná rẹ̀ kò tàn.

"Mò ń gbọ́ yín," Nwakaego ń sọ ní Ìgbò, jẹ́jẹ́. "Ẹ dúró. Ẹ má gbé e sílẹ̀."

Bílíkísù fetí sí ìlà náà. Ariwo bí iyanrìn tó ń dà sílẹ̀ nìkan ló gbọ́. Síbẹ̀ Nwakaego a dákẹ́, bí ẹni tó ń gbọ́ èsì, a tún dáhùn.

Bílíkísù kò fẹjọ́ rẹ̀ sun ẹnikẹ́ni. Àwọn yòókù ló sọ ọ́ fún àwọn ọ̀gá àgbà. Wọ́n ní kí Nwakaego lọ sinmi nílé.

Bílíkísù lọ bá a ní Umunya. Ó ń ṣa ẹ̀gúsí.

"Àǹtí, ta ni ẹ máa ń dá lóhùn?"

"Obìnrin kan. Ọjọ́ tí mo sá nígbà ogun, ó pè láti ọsibítù, ó ń wá ọkọ rẹ̀. Mo ní kó dúró dè mí. Ni ògiri bá wó, mo sá jáde. Mi ò sọ fún un pé mò ń lọ." Ó gbójú sókè. "Wọn ò purọ́ mọ́ mi, Màdáámù. Mo fi iṣẹ́ sílẹ̀ lóòótọ́."

 Láàárín ọ̀sẹ̀ yẹn ni Bílíkísù gba Enugu lọ, ó bá ìgbìmọ̀. "Bó bá jẹ́ pé ẹni tó lọ ni àbúrò," ó ní, "èmi ni mo lọ." Wọ́n fi falẹ̀ títí, ṣùgbọ́n wọ́n dá ọdún Nwakaego padà, wọ́n sì fún un ní ipò rẹ̀. Nwakaego gbọ́, ó mi orí, kò padà wá. Ó kú nígbà òjò ọdún tó tẹ̀ lé e.

Bílíkísù ní kí wọ́n dá òun padà sídìí pátákó. Inú bí Yúnúsà. Lẹ́yìn náà ló bẹ̀rẹ̀ sí í wá mú un nígbà tí iṣẹ́ bá parí, nítorí ó rí i pé kì í fẹ́ dá rin ọ̀nà ilé. Bí Yúnúsà bá béèrè ẹni tí Bílíkísù ń bojú wẹ̀yìn wò, obìnrin náà a ní kò sí ẹnì kankan, a sì tún bojú wẹ̀yìn.