Alápatà Inú Ìwé

Tẹ́ ẹ bá pàdé Àǹtí Onítáípù lójú pópó, ẹ ò ní gbà pé ó ti pa èèyàn rí. Obìnrin pẹ́lẹ́ńgẹ́ báyìí, awò ojú ńlá, tó bá ń rìn, ṣe ló dà bí ẹni tó ń bẹ ilẹ̀ kó má bínú. Síbẹ̀, ó ti pa wọ́n lọ súà. Ó ti pa olówó, ó ti pa ìyàwó olówó, ó tiẹ̀ pa dókítà kan tí ò ṣẹ ẹnikẹ́ni, torí ìtàn náà ti fẹ́ máa sú èèyàn. Inú ìwé ló ti ń pa wọ́n o.

Ohun tí àdúgbò mọ̀ ni pé ó ń tẹ ìbéèrè ìdánwò àti ìwé ìpè nílé iṣẹ́ ìtẹ̀wé. Wọn ò mọ̀ pé òun náà ni Bàbá Ìpayà, tó ń kọ ìwé pẹlẹbẹ tó máa ń jáde ní apá kan, apá kan, tí àwòrán ọ̀bẹ máa ń wà lára èèpo ẹ̀. Ọ̀gá tó ni ilé iṣẹ́ ló fún un lórúkọ yẹn. Ó ní, "Ta ló fẹ́ kí obìnrin dẹ́rù ba òun? Ìyàwó ẹ̀ ń ṣe ìyẹn nílé." Ọ̀gá àti ìyá Àǹtí nìkan ló mọ̀.

Ó ní bó ṣe máa ń kọ ọ́. Kò lè fi ojú inú lásán dá èèyàn, àfi kó kọ́kọ́ yá ẹnì kan ládùúgbò. Á yá ìrìn lọ́wọ́ eléyìí, á yá ikọ́ lọ́wọ́ tọ̀hún, á sì kọ ìtàn náà tán. Lẹ́yìn náà ló máa wá tún gbogbo ẹ̀ tẹ̀, á pààrọ̀ aṣọ fún wọn: awakọ̀ á di káfíńtà, arọ á di adití. Ẹ̀dà kejì yẹn ló ń lọ sórí ẹ̀rọ.

Ìtàn tó wà lọ́wọ́ ẹ̀ lọ́tẹ̀ yìí, Alápatà òdìkejì títì ló yá. Ọkùnrin gìrìwò, tí ò ní ọmọńdinrín ọwọ́ òsì, tó bá ti ń pọ́n ọ̀bẹ, á máa fọn súfèé, orin kan náà láti àárọ̀ ṣúlẹ̀. Nínú ìwé, ó pa àbúrò ẹ̀, ó wá ń sọ fáráyé pé ó rìnrìn àjò ni. Ti àbúrò yẹn, Àǹtí ò yá a lọ́wọ́ ẹnì kankan. Orí ara ẹ̀ ló ti hú u jáde.

Ọjọ́ tí Ọ̀gá ń pariwo pé ẹ̀rọ ń jókòó lásán, Àǹtí na ọwọ́ sínú dúrọ́ọ̀, ó fa ìwé yọ, ó gbé e fún un. Ẹ̀dà àkọ́kọ́ ni.

Kò mọ̀, àfi ìgbà tó ń kọjá níwájú ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀. Onígbàjámọ̀ ló máa ń ka ìwé náà sókè fún gbogbo ẹni tó bá jókòó, ohùn ẹnì kọ̀ọ̀kan sì wà lẹ́nu ẹ̀. Tó bá di ọlọ́pàá, á fi imú sọ̀rọ̀. Tó bá di opó, á han bí ológbò tí ilẹ̀kùn há nírù. Lọ́jọ́ náà, ó kà á pé, "Ó ń pọ́n ọ̀bẹ, ó ń fọn súfèé. Ọwọ́ òsì ẹ̀ ò ní ọmọńdinrín." Ló bá fọn súfèé náà gan-an.

Wọ́n bú sẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín yẹn kú sí wọn lẹ́nu, torí Alápatà ló jókòó sórí àga, ìlàjì orí ẹ̀ ni wọ́n ṣì gẹ̀.

"Tún un kà," ló wí.

Onígbàjámọ̀ tún un kà, kò wá fi ohùn ẹnì kankan kà á mọ́.

Bàbá kan ní kóun fi ṣàwàdà. "Ó mà tó ọjọ́ mẹ́ta tá a ti rí àbúrò tìẹ náà, Alápatà."

"Ó rìnrìn àjò," ni Alápatà wí.

Àǹtí gbọ́ ọ níta. Kò tíì kó dé àdúgbò yẹn nígbà tí àbúrò náà lọ. Kò mọ̀ pé Alápatà ní àbúrò rárá.

Nílé, ìyá ẹ̀ gbọ́ ọ tán, ó ní, "Mo ní kó o lọ kọ́ aṣọ rírán. Ta ló rán aṣọ rí tí wọ́n fẹ́ dú?"

"Màámi, ẹ jọ̀ọ́."

"Sá lọ sọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n rẹ."

"Tí mo bá sá, ó ti mọ̀ nìyẹn."

Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, Alápatà wọlé síbi iṣẹ́, àpò ọ̀bẹ wà lábíyá ẹ̀. "Ta ni Bàbá Ìpayà?"

Ọ̀gá rẹ́rìn-ín ìyà. "Ọ̀nà jíjìn ló ń gbé, sà. Ṣe ló máa ń fi ránṣẹ́."

"Kò burú. Màá dúró dè é."

Ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì tó wà lẹ́yìn Àǹtí. Bó ṣe ń wá lójoojúmọ́ nìyẹn, torí kò kúkú sí ẹni tó ń ra ẹran lọ́wọ́ ẹ̀ mọ́. Àwọn ìyá tí ń gba iwájú ẹ̀ kọjá ti ń fa ọmọ wọn mọ́ra. Àǹtí sì gbọ́dọ̀ tẹ apá tó kàn. Ó ń tẹ̀ ẹ́, èémí ọkùnrin yẹn ń kan ọrùn ẹ̀. Alápatà á fọn súfèé díẹ̀, á dákẹ́.

"Kí lò ń tẹ̀ yẹn?"

"Ìbéèrè ìdánwò ni, sà."

"Ka ọ̀kan fún mi. Èmi ò mọ̀wé."

Ojú Àǹtí bọ́ sórí bébà: ẹ̀jẹ̀ ni wọ́n ń fọ̀ kúrò lára ògiri. "Ẹ... ẹ dárúkọ ẹranko mẹ́ta tó ń gbé inú omi."

"Ẹja. Ọ̀nì." Ó ronú. "Ìkẹta ńkọ́?"

"Erinmi, sà."

"Ìdánwò ọmọdé ló ń mú àgbàlagbà làágùn báyìí?"

Nígbà tó jáde lọ tán, Àǹtí fa bébà náà ya. Ó bẹ̀rẹ̀ òmíràn. Ó dá àbúrò yẹn padà láàyè, pẹ̀lú àpótí lórí, ó ní ìlú ló purọ́ mọ́ ẹ̀gbọ́n ẹ̀. Ìtàn yẹn ò dùn mọ́, ó sì mọ̀.

Onígbàjámọ̀ kà á. Ojú ti àwọn èèyàn, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í padà síbi ẹran lọ́kọ̀ọ̀kan.

Ọjọ́ tí Ọ̀gá jáde ni Alápatà tún wọlé. Kò jókòó. Ó gbé ẹran tó fi bébà wé sórí tábìlì.

"Bá mi fún Bàbá Ìpayà."

"Màá... màá fi ránṣẹ́ sí i, sà."

"Ẹran tútù kì í rìnrìn àjò, ọmọ mi. Sè é." Ohùn ẹ̀ ò le rárá. "Tí mo bá ti fọn súfèé báyìí, ẹ̀rọ rẹ máa ń dákẹ́. Ọ̀gá rẹ ń ṣiṣẹ́ ẹ̀ lọ ní tiẹ̀."

Àǹtí fa ọwọ́ kúrò lórí ẹ̀rọ.

"O ṣe é dáadáa. Ó ku ẹyọ kan. Àwọn èèyàn ti ń bi mí pé, tí àbúrò tinú ìwé bá ti dé, tèmi náà ńkọ́." Ó tẹ orí wálẹ̀. "Jẹ́ kó tún rìnrìn àjò. Jẹ́ kí gbogbo ìlú sìn ín dé ojú ọ̀nà, kí wọ́n rí i."

"Ṣé... ṣé ẹ mọ ibi tó lọ, sà?"

Alápatà wò ó títí. Bóyá ìbànújẹ́ ló wà lójú ẹ̀, bóyá nǹkan mìíràn ni, Àǹtí ò lè sọ, kò sì bèèrè lẹ́ẹ̀kejì.

"Ìwọ lo kọ ọ́," ló wí. Ó gbé àpò ọ̀bẹ ẹ̀, ó kọjá sí òdìkejì títì.

Àǹtí ki bébà tuntun bọ ẹ̀rọ. Níta, súfèé yẹn bẹ̀rẹ̀. Lọ́tẹ̀ yìí, kò jẹ́ kí ọwọ́ ẹ̀ dúró.